Ọjọ́ Tí Tomma Tjarks Pe Rédíò

"Ìyáàfin Tjarks, ìbéèrè mi ò le rárá. Lọ́la, tí wọ́n bá pe orúkọ yín nílé aṣòfin, ṣé ẹ máa gbà kí wọ́n ti ilé ìgbẹ̀bí Hilmersiel pa? Bẹ́ẹ̀ni àbí bẹ́ẹ̀kọ́?"

Wiebke Tjarks rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó mọ̀ pé ẹ̀rín kì í hàn lórí rédíò, ṣùgbọ́n ẹnu rẹ̀ ń wá nǹkan tí yóò ṣe. Iná pupa tó wà lókè ilẹ̀kùn sítúdíò ti tàn. Gbogbo etíkun, láti orí àwọn apẹja tó wà lójú omi títí dé ọ̀dọ̀ àwọn tó ń fún wàrà màlúù lóko, ló ń gbọ́ bó ṣe ń mí.

"Jorinde," ó ní, "ọ̀rọ̀ ilé ìwòsàn kì í ṣe ohun tí èèyàn ń fi ẹnu kan sọ. Ó ní ìhà púpọ̀. A ní láti wo iye dókítà tó wà nílẹ̀, a ní láti wo bí—"

"Mi ò bi yín pé ìhà mélòó ló ní, mà. Bẹ́ẹ̀ni àbí bẹ́ẹ̀kọ́ ni mo wí."

Ọmọ yìí mà gbójú o! Jorinde Fecht kò tíì pé ọgbọ̀n ọdún. Wiebke fúnra rẹ̀ ló kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń di máìkì mú, nínú sítúdíò yìí kan náà, láyé ìgbà tí Wiebke ṣì jẹ́ akọ̀ròyìn tí gbogbo òṣèlú ìpínlẹ̀ náà ń sá fún. "Bẹ́ẹ̀ni àbí bẹ́ẹ̀kọ́?" Ìbéèrè rẹ̀ nìyẹn. Òun ló fi ń lé àwọn baálẹ̀ ìlú àti mínísítà kiri títí òógùn á fi bò wọ́n, bíṣọ́ọ̀bù pàápàá ti fara gbá nínú ẹ̀ rí. Àwọn èèyàn fi sọ ọ́ lórúkọ. Nígbà tó sì fi iṣẹ́ ìròyìn sílẹ̀ tó lọ díje fún ipò aṣòfin, orúkọ yẹn ni ìlú tìtorí ẹ̀ dìbò fún un. Lẹ́yìn tó wọlé náà, kò fi rédíò sílẹ̀ pátápátá. Ní àràárọ̀ Ọjọ́bọ̀ ló máa ń wá ṣàlàyé bí ìlú ṣe ń lọ, àwọn arúgbó á sì gbé omi tíì kúrò lórí iná kí ariwo ẹ̀ má baà dí wọn lọ́wọ́.

Àmọ́ lónìí, kì í ṣe alálàyé. Òun gan-an ni ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń ṣàlàyé. Ọdẹ ti di ẹran.

Ìbò méjì péré ni ẹgbẹ́ òṣèlú rẹ̀ fi ju àwọn alátakò lọ nílé aṣòfin. Ẹgbẹ́ náà ló gbé àbá òfin dìde pé kí wọ́n ti àwọn ilé ìgbẹ̀bí kéékèèké pa, ti Hilmersiel, ìlú Wiebke, sì wà lára wọn. Bó bá kọjá, aláboyún tó ń rọbí níbí yóò máa wakọ̀ lọ sí Oldenburg tó jìnnà réré, àfi kó bẹ ọmọ inú ẹ̀ kó ní sùúrù. Nírọ̀lẹ́ àná ni Burghard Lohse, olórí àwọn aṣòfin ẹgbẹ́ náà, pè é lórí fóònù. Ohùn rẹ̀ dùn bí oyin. "Wiebke, tí àbá yìí bá kọjá láìsí wàhálà, ìwọ la máa fi ṣe igbákejì mínísítà. Ọ̀rọ̀ ti parí, ó ku kó o bá wa gbé e." Wiebke kò sọ pé òun gbà, kò sì sọ pé òun kọ̀. Ṣùgbọ́n kó tó lọ sùn, ó ti wo àwòrán ilé mẹ́ta tó wà fún rẹ́ǹtì ní olú-ìlú ìpínlẹ̀, èyí tó ní báńkóníì sì wù ú.

"Mo máa wo ohun gbogbo kí n tó dìbò," ni ohun tó rí sọ fún Jorinde.

Jorinde mí kanlẹ̀. "Ó dáa. Àwọn olùgbọ́ wa ń dúró lórí fóònù. Ẹ káàárọ̀, ta là ń bá sọ̀rọ̀?"

"Ẹ káàárọ̀ o. Ṣé ẹ ń gbọ́ mi?"

Orí Wiebke wú.

"À ń gbọ́ yín dáadáa, mà. Ẹ jọ̀ọ́, orúkọ yín?"

"Èmi Tomma Tjarks ni, láti òpópónà ìdí odi òkun. Èmi ni mo bí èyí tó ń lọ́ ọ̀rọ̀ pọ̀ bí okùn yẹn."

Lẹ́yìn gíláàsì, ọkùnrin tó ń darí ẹ̀rọ fi ọwọ́ méjèèjì borí. Jorinde fi àtẹ́lẹwọ́ bo ẹnu, èjìká rẹ̀ sì ń gbọ̀n.

"Màámi!" Wiebke sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́, bí ẹni pé wúyẹ́wúyẹ́ kì í wọ rédíò. "Orí afẹ́fẹ́ la wà o!"

"Mo mọ̀. Ìdí tí mo fi pe ibẹ̀ nìyẹn. Ìgbà wo ni mo pe fóònù tìẹ tó o gbé e?"

"Màámi, ẹ jọ̀ọ́, tó bá di ọ̀sán—"

"Má bẹ̀ mí. Ọmọ yẹn ni kó o dá lóhùn. Mo jókòó ti tíì mi, mo fi súgà sí i, mo bu ọ̀rá wàrà lé e, mo ní kí n gbọ́ ohun tí ọmọ mi máa sọ kí n tó fi kan ẹnu. O sọ̀rọ̀ sọ̀rọ̀, tíì tutù, mi ò rí ìdáhùn kankan. Ẹni tí wọ́n bi pé ṣé ó jẹun, tó ń ròyìn ìkòkò, ebi ń pa á nìyẹn!"

"Màámi—"

"Mi ò tíì parí. Inú òjò la tò sí láti dìbò fún ẹ, èmi àti gbogbo òpópónà yìí. Agnete aládùúgbò wa fi ọ̀pá rìn lọ. Kò sẹ́ni tó dìbò fún Lohse níbí, a ò tiẹ̀ mọ bí imú ẹ̀ ṣe rí. Tó o bá fẹ́ ti ibẹ̀ pa, sọ pé o fẹ́ tì í pa, ká gbọ́, ká sì máa bínú sí ẹ. Tó ò bá sì fẹ́, sọ. Ṣùgbọ́n má sọ wá di òmùgọ̀. Wiebke, bẹ́ẹ̀ni àbí bẹ́ẹ̀kọ́?"

Lórí rédíò, ìdákẹ́jẹ́ ìṣẹ́jú àáyá mélòó kan dà bí ọdún. Wiebke rí i tí Jorinde tẹ̀ síwájú lórí àga, ojú rẹ̀ ń dán. Ó mọ ojú yẹn. Ojú tirẹ̀ nìyẹn nígbà kan rí. Ohun kan sì fò sókè láyà rẹ̀ bí ẹja tó fò lókè omi.

"Bẹ́ẹ̀kọ́," ó ní. "Mi ò ní gbà kí wọ́n tì í pa."

"Ẹn-ẹ́n," ni Tomma Tjarks wí. "Ó dàbọ̀ o." Ó sì pa fóònù.

Gbogbo iná orí tẹlifóònù sítúdíò bẹ̀rẹ̀ sí í ṣẹ́jú lẹ́ẹ̀kan náà.

* * *

Kó tó dé ibi tó gbé ọkọ̀ rẹ̀ sí, Lohse ti pè. Lọ́tẹ̀ yìí, kò sí oyin lóhùn rẹ̀.

"Ṣé ìyá ẹ ló ń darí ẹgbẹ́ wa báyìí ni?"

"Burghard, jẹ́ kí n—"

"Jẹ́ kí n sọ fún ẹ. Gbogbo ọ́fíìsì mi ló gbọ́ ọ. Àwọn alátakò ti ń pín in kiri. Wọ́n ti fi orin sí i! Obìnrin tó ti lo ogún ọdún nídìí ìròyìn, ìyá arúgbó pè é, ó tú gbogbo ikùn ẹ̀ dà sílẹ̀!"

"Ohun tó wà nínú mi ni mo sọ."

"Àná ńkọ́? Kí ló wà nínú ẹ lánàá nígbà tí mo ń sọ̀rọ̀ igbákejì mínísítà, tó ò mí pínkín?" Ohùn rẹ̀ rọ̀. "Wá sí ìpàdé ẹgbẹ́ lọ́la kí ìjókòó tó bẹ̀rẹ̀. Sọ pé wọ́n ká ẹ mọ́ ni. Gbogbo èèyàn ló mọ bí ìyá ṣe máa ń ṣe. A máa fi rẹ́rìn-ín, á sì tán."

Wiebke pa fóònù. Tí ẹnikẹ́ni bá bi í, kò ní lè sọ bóyá ẹ̀rù ló ń bà á tàbí inú rẹ̀ ń dùn. Ara rẹ̀ fúyẹ́ gan-an. Ó pẹ́ tí ara rẹ̀ ti fúyẹ́ báyìí kẹ́yìn. Ó wakọ̀ gba ìdí odi òkun lọ sílé ìyá rẹ̀. Bó ṣe ń kọjá, ọkùnrin kan tó ń kun ọkọ̀ ojú omi ju búrọ́ọ̀ṣì rẹ̀ sókè, ó pariwo, "Tjarks! Bẹ́ẹ̀kọ́ o!" Àwọn obìnrin méjì tó wà níwájú ṣọ́ọ̀bù búrẹ́dì pàtẹ́wọ́. Wiebke fọn fèrè ọkọ̀ fún wọn, ohun tí kò ṣe rí látìgbà tó ti di aṣòfin.

Tomma ti gbé tíì tuntun kalẹ̀. Obìnrin kúkúrú ni, ojú rẹ̀ bùlúù bí ìgbà tí òfuurufú mọ́. Ó ń fẹsẹ̀ jó wọlé jó jáde ní kíṣìnnì.

"Ṣé o gbọ́ mi? Ṣé ohùn mi dún dáadáa? Agnete ní mo dà bí ẹni tó ń kàwé ìròyìn."

"Ẹ dójú tì mí níwájú gbogbo ayé, Màámi."

"Ojú tó tì ẹ́ ló jẹ́ kó o rántí sọ̀rọ̀. Jókòó."

Wiebke jókòó. Ó wo súgà tó ń fọ́ wẹ́wẹ́ nínú tíì gbígbóná. Láìmọ ìgbà tó sọ ọ́, ó ní, "Wọ́n fẹ́ fi mí ṣe igbákejì mínísítà ni."

Ẹsẹ̀ Tomma dúró.

"Kí lo wí?"

"Igbákejì mínísítà. Tí mo bá dìbò pẹ̀lú wọn."

Ìyá náà fa àga, ó jókòó díẹ̀díẹ̀. "Mínísítà," ó ní. "Nínú ilé Tjarks, níbi tí bàbá ẹ ti ń tún àwọ̀n ẹja ṣe." Ó wá sọ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, "Kí ló dé tó ò sọ fún mi?"

"Tí mo bá sọ, ẹ̀yin náà ì bá ní kí n gbà á?"

Tomma rò ó. Ó rò ó pẹ́ débi tí Wiebke fi bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín.

"Mi ò mọ̀," ni ìyá rẹ̀ wí níkẹyìn. "Má rẹ́rìn-ín. Òótọ́ ni mo ń sọ. Ǹ bá kọ́kọ́ ra bàtà tuntun ná." Àwọn méjèèjì bú sẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ni Tomma gbá ọwọ́ ọmọ rẹ̀ mú, ẹ̀rín sì kúrò lójú rẹ̀. "Gbọ́ o. Mo ní kó o dáhùn ni. Mi ò sọ bó o ṣe máa dáhùn. Tó bá jẹ́ tìtorí tèmi lo ṣe sọ pé bẹ́ẹ̀kọ́, mú un padà. Lọ́la, èmi ò ní sí níbẹ̀. Èmi ò sì ní wà níbẹ̀ lọ́dún tó ń bọ̀ tí wọ́n bá ń wo ẹ́ bí ọ̀tá. Ìwọ nìkan ni."

Wiebke gbé kọ́ọ̀pù rẹ̀. Ó mu tíì náà tán.

* * *

Nínú ọkọ̀ ojú irin tó gbé e lọ sí olú-ìlú, ọ̀rọ̀ ìyá rẹ̀ kò jẹ́ kó sinmi. Ogún ọdún ló fi ń bi àwọn èèyàn ní bẹ́ẹ̀ni àbí bẹ́ẹ̀kọ́. Kò rò ó rí pé ẹni tó béèrè á ká máìkì rẹ̀, á sì gba ilé lọ. Ẹni tó dáhùn ni yóò máa gbé inú ìdáhùn náà, lójò lẹ́ẹ̀rùn. Tó bá ní bẹ́ẹ̀kọ́, ipò ti lọ, ẹgbẹ́ ti lọ, àwọn tí wọ́n jọ ń jẹun ọ̀sán ti lọ. Tó bá ní bẹ́ẹ̀ni ńkọ́? Ó gbìyànjú láti wo ara rẹ̀ lórí báńkóníì ilé tuntun náà, kọ́ọ̀pù kọfí lọ́wọ́, níbi tó ti ń wo òrùlé olú-ìlú. Ó rí báńkóníì náà kedere, ó rí kọ́ọ̀pù. Kò rí ara rẹ̀ níbẹ̀.

Níwájú ilé aṣòfin, ariwo ti bo ìta. Bọ́ọ̀sì mẹ́rin ni Hilmersiel kó wá. Àwọn apẹja wọ aṣọ òjò aláwọ̀ ìyeyè lábẹ́ oòrùn, wọ́n gbé aago ọkọ̀ ojú omi kan lọ́wọ́, wọ́n ń lù ú kíkankíkan. Àwọn ìyá ń ti ọmọ wọn nínú kẹ̀kẹ́ ọmọdé. Nígbà tí wọ́n rí Wiebke, wọ́n ya ọ̀nà fún un, wọ́n sì tún pa á dé, gbogbo wọn ló fẹ́ bọ̀ ọ́ lọ́wọ́.

Ọmọbìnrin kan tí oyún rẹ̀ ti wálẹ̀ gbá ọwọ́ rẹ̀ mú, ó gbé e lé ikùn. "Ẹ fọwọ́ kàn án! Ó ń tàpá bí ẹni tó gbọ́ aago!"

Ó ń tàpá lóòótọ́. Wiebke fa ọwọ́ rẹ̀ sẹ́yìn bí ẹni tí iná jó, ó tún dá a padà.

"Ẹ máa lọ sílé kẹ́ ẹ lọ sinmi," ó sọ fún un.

"Mo fẹ́ kọ́kọ́ gbọ́ yín ná!"

Kò lọ sí ìpàdé ẹgbẹ́. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ ni Lohse ti bá a. Ó ga, ó wọ kóòtù tó bá a lára mu, ó sì fi ọwọ́ lé e léjìká bí ẹ̀gbọ́n.

"Mo bínú lánàá, má wo ti ẹnu mi. Wiebke, kò sẹ́ni tó ní dandan kó o dìbò fún wa. Má kàn sí nínú ilé ni tí wọ́n bá ń pe orúkọ. Ṣé orí kì í fọ́ èèyàn ni? Lọ sí yàrá ìsinmi, mu omi, kó o padà wá. Àbá á fi ẹnì kan kọjá, ìwọ ò sì parọ́ fún ẹnikẹ́ni. Ipò ẹ ṣì wà níbẹ̀."

Ó gbọ́n. Ó gbọ́n débi tí Wiebke fi wo ọ̀nà yàrá ìsinmi. Kò jìnnà. Ilẹ̀kùn rẹ̀ funfun, ó mọ́ tónítóní.

"Burghard," ó ní, "orí mi ò fọ́." Ó sì wọ inú gbọ̀ngàn lọ.

Orúkọ ni wọ́n ń pè nílé náà bí ọ̀rọ̀ bá le, ẹnì kọ̀ọ̀kan á sì fi ẹnu ara rẹ̀ dáhùn kí gbogbo ayé gbọ́. Akọ̀wé bẹ̀rẹ̀ láti A. Bẹ́ẹ̀ni. Bẹ́ẹ̀kọ́. Bẹ́ẹ̀kọ́. Bẹ́ẹ̀ni. Lókè, níbi tí àwọn èrò ìwòran jókòó sí, kò sẹ́ni tó ń mí sókè. Jorinde Fecht wà láàárín àwọn akọ̀ròyìn, ó ń fi bírò sàmì sí orúkọ bí wọ́n ṣe ń pè é. Wọ́n dé H. Wọ́n dé L. "Lohse, Burghard." "Bẹ́ẹ̀ni," ó ní, ó sì yíjú sí Wiebke bó ṣe ń sọ ọ́. T jìnnà réré sí A. Wiebke kò mọ̀ rí pé ó jìnnà tó bẹ́ẹ̀. Wọ́n dé R. Àwọn aṣòfin ti bẹ̀rẹ̀ sí í ka ìbò lórí ìka. Wọ́n dé S, S pọ̀ bí iyanrìn. Ẹ̀rín kan tí Wiebke kò mọ ibi tó ti wá ń yọ sí i lẹ́nu.

"Tjarks, Wiebke."

Ó dìde, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò sẹ́ni tó ní kó dìde.

"Bẹ́ẹ̀kọ́!"

Ohùn rẹ̀ lọ lu ògiri, ó sì padà wá bá a. Àwọn yòókù dáhùn lẹ́yìn rẹ̀, ìwọ̀nba díẹ̀ ni wọ́n. Abẹnugan gba ìwé lọ́wọ́ akọ̀wé, ó wò ó, ó bọ́ jígí ojú rẹ̀, ó nù ún, ó tún wò ó.

"Ìbò dọ́gba," ó ní. "Àbá tí ìbò rẹ̀ bá dọ́gba kò kọjá. Àbá yìí ti ṣubú."

Ariwo sọ lókè. Abẹnugan ń lu aago, kò sẹ́ni tó gbọ́ ọ, nítorí pé aago ọkọ̀ ojú omi ti ń dún lákọlákọ níta. Ìròyìn ti dé ọ̀dọ̀ wọn kó tó parí ọ̀rọ̀ rẹ̀. Lohse kó ìwé rẹ̀ jọ, ó gba iwájú Wiebke kọjá bí ẹni gba iwájú àga òfìfo.

* * *

Ọ̀sẹ̀ kò parí tí ẹgbẹ́ fi yọ orúkọ rẹ̀ kúrò lára ọmọ ẹgbẹ́. Àwọn tẹlifíṣọ̀n láti Berlin ń pè é, wọ́n fẹ́ kó wá sọ̀rọ̀, ó sì lọ sí méjì. Tomma pè é lẹ́yìn èkejì. "O sọ̀rọ̀ dáadáa, ṣùgbọ́n irun ẹ! Ṣé wọn ò ní kóòmù ní Berlin ni?"

Jorinde náà pè. Ọ̀gá ilé iṣẹ́ rédíò ló rán an. "Wọ́n ní kẹ́ ẹ padà wá, mà. Kì í ṣe Ọjọ́bọ̀ nìkan o, lójoojúmọ́. Ẹ fi àwọn òṣèlú sílẹ̀ fún ara wọn. Ẹ̀yin ẹ máa ṣàlàyé wọn, káwọn èèyàn máa gbádùn."

Inú Wiebke dùn débi tó fi rìn yí tábìlì po. Sítúdíò, iná pupa, àwọn arúgbó tó ń gbé omi tíì kúrò lórí iná. Ibẹ̀ ni wọ́n ti fẹ́ràn rẹ̀. Ibẹ̀ ni òun á ti máa béèrè, tí ẹlòmíràn á sì máa gbé inú ìdáhùn. Ṣùgbọ́n àbá yẹn ń padà bọ̀ lẹ́yìn ìgbà òtútù. Gbogbo èèyàn ló mọ̀. Wọ́n á yí gbólóhùn méjì padà, wọ́n á fi aṣọ míì wọ̀ ọ́.

"Jorinde, bá mi kí wọn," ó ní. "Sọ fún wọn pé mo ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́."

Wọ́n fún un ní ìjókòó tuntun nílé aṣòfin, lẹ́yìn pátápátá, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn tí afẹ́fẹ́ ń gbà wọlé. Ẹni tó jókòó sí tòsí rẹ̀ ni Ottilie Brakhage, arúgbó alátakò kan tó ti pẹ́ nílé náà ju òrùlé lọ. Ní ọjọ́ àkọ́kọ́, Wiebke tẹ bọ́tìnnì pé òun fẹ́ sọ̀rọ̀. Ìṣẹ́jú díẹ̀ ni wọ́n ń fún aṣòfin aládàáwà.

Ottilie tẹ̀ sí ọ̀dọ̀ rẹ̀. "Ṣé ẹ̀rù ń bà ẹ́?"

"Ó ń bà mí, mà."

"Ó dáa bẹ́ẹ̀. Àwọn tó wà níwájú yẹn ti gbàgbé bó ṣe ń rí."

Láti ẹ̀yìn, ìpàkọ́ gbogbo ènìyàn ni èèyàn ń rí. Ìpàkọ́ Lohse wà láàárín wọn, ó dúró ṣánṣán. Abẹnugan pe orúkọ Wiebke Tjarks. Kò mú ìwé kankan dání. Ó dìde, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀ kalẹ̀ láti ìlà kan sí èkejì, bàtà rẹ̀ ń dún ko-ko-ko lórí pákó. Bó ṣe ń kọjá, orí ń yíjú sí i lọ́kọ̀ọ̀kan. Nígbà tó fi máa dé orí pèpéle, tó yíjú sí wọn, ojú wọn ló ń wò.